Máníkù Tó Wà Lábẹ́ Apẹ̀rẹ̀

Bàbá Verna,

Ìyá mi ló kọ́kọ́ sọ fún mi pé bí ológbò bá halẹ̀ mọ́ máníkù, ẹran ìgbẹ́ tó jọ òkété yìí, kì í jà, ńṣe ló máa ń díbọ́n bí òkú. Ohun tó ṣẹlẹ̀ láàárọ̀ yìí nìyẹn, nídìí abọ́ ológbò wa. Mo ti fi apẹ̀rẹ̀ bò ó lábẹ́ igi gbẹ̀rẹ̀fútù. Mo mọ ẹnu yín. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má sè é. Ó ń mí, ọmọ sì wà nínú àpò ikùn rẹ̀. Ẹ ti ológbò mọ́lé, kí ẹ ṣí apẹ̀rẹ̀, kí ẹ sì jìnnà sí i. Ẹja wà nínú ìkòkò.

Nígbà tí mo wà lọ́mọdé ní ìlú Gouyave, bàbá mi di máníkù kan mú ní ìrù wọlé. Wọ́n sọ fún màmá mi pé, "Eulalie, gbé omi kaná, ọbẹ̀ ti dé."

Màmá ní, "Olówó orí mi, ọbẹ̀ yín ṣì ń mí. Ẹ gbé e sílẹ̀, kí ẹ jókòó."

Bàbá mi gbé e sílẹ̀, àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sì jókòó sórí àtẹ̀gùn. N kò tún rí i kí bàbá mi jókòó pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ màmá mi mọ́. Nígbà tó yá, òkú náà gbọn etí, ó dìde, ó gba iwájú wa kọjá, ó sì wọ inú oko kòkó lọ láì bojú wẹ̀yìn.