Ilé Bébà Ìyá Kọ́kọ́kọ́

Ọjọ́ Ajé, 3 Fẹ́búárì 2025
Owó tó wọlé: $600. Ọparun, $38. Bébà, $52. Gúlúù, $17. Bọ́ọ̀sì lẹ́ẹ̀mẹ́fà, $19.80. Ó ku $473.20.
Madam Fong ló sanwó. Ìyá Kọ́kọ́kọ́ ni mò ń pè wọ́n nínú ọkàn mi. Tá a bá kan ilé onípákó tí wọ́n fẹ́ fi ya fíìmù tán ní Pickering, wọn á fi ìka kan àwọn ògiri — kọ́, kọ́, kọ́. Èyí tó bá dún lófo, kí n tú u. Ogójì ọdún ni wọ́n fi ya àwòrán ilé fún fíìmù àwọn Ṣáínà, Hong Kong, Taipei, kí wọ́n tó dé Toronto. Èmi káfíńtà, fíìmù márùn-ún péré ni mo bá wọn ṣe.
Lórí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù ni wọ́n ti sọ fún mi: “Ládépọ̀, gbogbo ilé tí mo kọ́ ni wọ́n wó. Mo fẹ́ ọ̀kan tó pé.” Ilé ìyá wọn ni, ti bébà, fún ọjọ́ ikú wọn. Àwọn èèyàn wọn máa ń sun ún fún òkú, kó lè ríbi gbé. Wọ́n fún mi ní àwòrán. Mo ní ẹ jẹ́ ká ṣì mú sùúrù. Wọ́n rẹ́rìn-ín: “Káfíńtà tó ń kọ owó! Gbà á, kí n tó yí ohùn padà.”

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 8 Fẹ́búárì
Òrùlé ti jókòó. Bíọ́lá ìyàwó mi ní, “Bàbá Jùwọ́n, ẹ ń kọ́lé fókùú, àwa alààyè ń san rent.” Ó tún wò ó. Ó ní àga inú rẹ̀ wu òun o.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 11 Fẹ́búárì
Ìyá Kọ́kọ́kọ́ ti lọ. Méì ọmọ wọn ló pè mí.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 15 Fẹ́búárì
A sun ilé náà ní itẹ́ òkú, Richmond Hill. Sínóò ń bọ́. Kí omi tíì tó hó, ó ti jó tán. Bíọ́lá ya fọ́tò kó tó jó.

Ọjọ́ Ajé, 17 Fẹ́búárì
Mò ń fọ abọ́. Kọ́, kọ́, kọ́ — lára ògiri pálọ̀. Páìpù ni.

Ọjọ́bọ̀, 20 Fẹ́búárì
Kì í ṣe páìpù. Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta, á dákẹ́. Hítà ń ṣiṣẹ́, ẹ̀yìn mi tutù. Mo ra rọ́bà tí wọ́n fi ń dí etí fèrèsé, $11. Àṣedànù. Bíọ́lá gbọ́ ọ náà. Ó ní kí n pe landlord. Mi ò pè é.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 22 Fẹ́búárì
Bíọ́lá ń wo fọ́tò. “Bàbá Jùwọ́n, ẹ̀yìn ilé yìí ńkọ́?”
Ẹ̀yìn wo?
“Ògiri! Mẹ́ta ni mo rí. Ṣé inú òtútù ni màmá yẹn máa máa sùn ni?”
Mo jókòó sílẹ̀. Nínú ilé fíìmù, mẹ́ta la máa ń kàn. Ẹ̀gbẹ́ kẹrin, kámẹ́rà ló ni ín. Bí wọ́n ṣe yà á nìyẹn, bí mo ṣe kàn án nìyẹn. Wọn ò rí i. Èmi náà ò rí i. Iṣẹ́ ti mọ́ wa lára jù.

Ọjọ́ Ajé, 24 Fẹ́búárì
Ọparun àti bébà fún ògiri kan, $9.40. Mo gbé ọ̀bẹ, ọwọ́ mi dúró. Fèrèsé mélòó? Ilẹ̀kùn wà níbẹ̀ àbí kò sí?
Mo pe Méì. Ó tú gbogbo àwòrán ìyá rẹ̀. Ó ní ilé yẹn wà nínú fíìmù mẹ́fà, wọ́n kàn ń pa á láwọ̀ dà ni. Ògiri mẹ́ta ló wà nínú gbogbo ẹ̀. “Uncle, wọ́n ti wó ilé gangan kí wọ́n tó bí mi. Màmá nìkan ló mọ ẹ̀yìn ẹ̀.”

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 1 Máàṣì
Mo gbé $150 lọ fún Méì, ìdámẹ́rin owó náà. Kò gbà á. “Uncle, èmi kọ́ lẹ jẹ ní gbèsè.”
Nígbà tí mo délé, Ìyá Kọ́kọ́kọ́ tún kan ògiri. Mo bi wọ́n sókè, lójú Bíọ́lá: ibo ni fèrèsé wà, mà? Bíọ́lá lọ mú súwẹ́tà wá fún mi.
Owó tí mo gbà: ti ilé tó pé. Ohun tí mo kọ́: ògiri mẹ́ta.
Gbèsè: ògiri kan. Mi ò tíì san án.