Ìtàn Ìgbésí Ayé Ardell Gaddis, Tó Gbé Ìdènà Náà Fúnra Rẹ̀

Ìlú Harlow Bend ní ìpínlẹ̀ Arkansas, níbi tí oko ìrẹsì ti dé ẹnu ọ̀nà ilé, ni wọ́n ti bí Ardell Gaddis ní ọjọ́ kẹsàn-án oṣù kẹta ọdún 1956. Bàbá rẹ̀ ni Olóògbé Thurmon Gaddis tí wọ́n ń wa katakata fún àwọn olóko. Ìyá rẹ̀ ni Olóògbé Ozella Gaddis tí wọ́n ń fọ aṣọ ilé ìwòsàn. Ọmọ mẹ́rin ni wọ́n bí, méjì kú ní kékeré. Verlene ni àkọ́bí, Ardell sì ni àbíkẹ́yìn.

Ẹbí dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo ẹ̀yin tí ẹ wá sí ìsìnkú rẹ̀ lónìí. Àwọn kan ní kí ẹbí kọ ọ̀rọ̀ tó dùn sínú ìwé yìí. Ẹbí kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ dídùn ti ṣe Ardell léṣe rí, bí ẹ bá kà á dé ìsàlẹ̀, ẹ ó rí i.

Ní ọdún 1962 ó bẹ̀rẹ̀ ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ àwọn aláwọ̀ dúdú tó wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì Mount Gilead. Ibẹ̀ ni òun àti Cleavon Pruitt ti jókòó sórí bẹ́ǹṣì kan náà. Láti ọjọ́ náà, ẹni tó bá rí ọ̀kan kò ní láti wá èkejì. Ẹsẹ̀ Ardell gùn, ọrùn rẹ̀ náà gùn, Cleavon sì sọ ọ́ ní Lékeléke. Cleavon kò lè sáré rárá, Ardell sì sọ ọ́ ní Ìṣáwùrú. Wọ́n máa ń to àpótí ọtí ẹlẹ́rìndòdò sójú ọ̀nà oko, wọ́n á fi ọparun tí bàbá Cleavon fi ń pẹja dábùú rẹ̀. Ardell á fò ó, èyí tó bá wó, Cleavon á tò ó padà. Verlene máa ń gbọ́ ohùn wọn láti ibi tó ti ń sá aṣọ.

“Lékeléke, ṣé o ò lè fò kó o má fi itan gba igi mi ni?”

“Ìwọ lo tò ó ga jù.”

“Mo tò ó bó ṣe yẹ. Ẹsẹ̀ ẹ ni ò mọ̀wé.”

Ní ọdún 1966 Cleavon ju òkúta, ó fọ́ fèrèsé ṣọ́ọ̀ṣì. Ardell ní òun ni. Ìyá rẹ̀ nà án, kò yí ohùn padà. Ìgbà tó yá ni Cleavon jẹ́wọ́ pẹ̀lú omijé, gbogbo ìlú sì fẹ́ràn Ardell nítorí rẹ̀. Irọ́ ni ó pa. Ó pa á nítorí ọ̀rẹ́, ṣùgbọ́n irọ́ ni. Kí ẹ rántí fèrèsé yìí.

Ó wọ ilé ẹ̀kọ́ girama ní ọdún 1971, lẹ́yìn tí wọ́n ti da ọmọ dúdú àti ọmọ funfun pọ̀ sí ilé ẹ̀kọ́ kan. Kóòṣì rí ẹsẹ̀ rẹ̀, ó sì fi í sí eré fífo ìdènà, èyí tí wọ́n ń sáré fo igi tí wọ́n tò sójú ọ̀nà. Ọdún 1974 àti ọdún 1975 ló gba ipò kìíní ní gbogbo ìpínlẹ̀ Arkansas. Ní ìgbà ìkórè, ó ń gbá fútúbọ́ọ̀lù àwọn ará Amẹ́ríkà, èyí tí wọ́n ń fi ọwọ́ jù. Òun ni wọ́n ń ju bọ́ọ̀lù sí lókè réré, tó ń fò gbà á, tó sì ń gbá a mọ́ àyà sáré. Cleavon ló ń to ìdènà fún un ní gbogbo ìdánrawò. Ẹsẹ̀ irin ìdènà gbọ́dọ̀ kọjú sí ẹni tó ń sáré bọ̀. Bí orúnkún bá kàn án, á ṣubú síwájú, kò ní pa ẹnikẹ́ni lára. Bí wọ́n bá gbé e kọ ẹ̀yìn sí i, kò ní ṣubú, bí ògiri ni. Cleavon kò gbé ọ̀kan kọ ẹ̀yìn rí, ó sì máa ń fi í yangàn.

Ní ọdún 1975 kọ́lẹ́ẹ̀jì kan ní Louisiana gba Ardell láti wá gbá bọ́ọ̀lù fún wọn, wọ́n sì san owó ẹ̀kọ́ rẹ̀. Ọdún méjì ló fi gbá a dáadáa. Àwọn tó ń wá agbábọ́ọ̀lù fún àwọn ẹgbẹ́ olówó ńlá ti ń béèrè orúkọ rẹ̀.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní oṣù kẹfà ọdún 1977 nìyí. Ardell wálé fún ìsinmi. Cleavon to ìdènà sórí pápá ilé ẹ̀kọ́ fún un bí ó ti ń ṣe láti kékeré, ó sì to gbogbo wọn dáadáa. Oòrùn mú, Cleavon mú kẹ́tùrù lọ pọn omi lẹ́yìn ilé ẹ̀kọ́. Mísítà Hosea tí wọ́n ń gé koríko ilé ẹ̀kọ́ gbé ẹ̀rọ wọn dé, wọ́n sì fẹ́ kọjá. Ardell gbé ìdènà kan kúrò lọ́nà fún wọn. Nígbà tí wọ́n kọjá tán, ó gbé e padà, ó sì gbé e kọ ẹ̀yìn. Verlene wà nínú ọkọ̀ lẹ́bàá ọgbà, ó ń dúró láti gbé wọn lọ sílé. Ó rí i nígbà tó gbé e. Òun náà kò mọ̀ pé ó kọ ẹ̀yìn títí Ardell fi sáré dé ibẹ̀. Orúnkún òsì rẹ̀ fọ́. Dókítà ní kò ní gbá bọ́ọ̀lù mọ́.

Cleavon wá sí ilé ìwòsàn, ó dúró ní ìdí ibùsùn.

“Èmi ni mo gbé e, Cleavon. Mísítà Hosea fẹ́ kọjá. O ò sí níbẹ̀, o lọ pọnmi.”

“O tún ti bẹ̀rẹ̀. Bó o ṣe ṣe nígbà fèrèsé.”

“Ti fèrèsé kọ́ nìyí.”

“Lékeléke, jọ̀ọ́. Má gba ìyà mi jẹ mọ́.”

Verlene sọ fún ìyá Cleavon pé ojú òun ló ṣe. Ìyá Cleavon dì mọ́ ọn, wọ́n ní, “Ẹ̀yin ọmọ Gaddis, ọkàn yín ti dára jù. Ọlọ́run á san án fún yín.” Mísítà Hosea ní iwájú làwọn ń wò, àwọn kò wẹ̀yìn rí ẹni tó gbé e padà.

Ní ọjọ́ Ìsinmi tó tẹ̀lé e, pásítọ̀ ìgbà náà fi ọ̀rọ̀ náà wàásù. Wọ́n ní kí ìjọ wo ọ̀dọ́mọkùnrin tó fi orúkọ ara rẹ̀ bo ìtìjú ọ̀rẹ́ rẹ̀. Ìjọ ń ṣe àmín. Ìwàásù náà dùn gan-an, kò sì sí òótọ́ kankan nínú rẹ̀. Cleavon dìde láàárín ìwàásù, ó jáde, kò sì tún jókòó nínú ṣọ́ọ̀ṣì Mount Gilead yìí mọ́ títí di òní.

Ardell padà wálé pátápátá ní ọdún 1978. Ní ọdún 1979 ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ibi tí wọ́n ti ń fi ẹ̀rọ mú ìrẹsì gbẹ, ibẹ̀ ló sì wà títí ó fi fẹ̀yìn tì. Ó fẹ́ Rosetta Banks ní ọdún 1981, wọ́n bí Lavonda. Ní ọdún 1990 Rosetta kó lọ sí Memphis. Wọn kò jà. Ó ní ilé náà dákẹ́ jù, ó ní ọkùnrin náà ń jẹun bí ẹni tó ń retí kí wọ́n kanlẹ̀kùn. Rosetta wà níbí lónìí, òun ló ní kí ẹbí kọ ọ́ bẹ́ẹ̀.

Ìlú kékeré ni Harlow Bend. Bí Ardell bá wọ ṣọ́ọ̀bù, tí Cleavon wà níbẹ̀, Cleavon á gbé ọjà rẹ̀ kalẹ̀, á gba ẹ̀yìn jáde. Ardell kan ilẹ̀kùn rẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà, ìyàwó Cleavon á wá sẹ́nu ọ̀nà, á ní, “Ẹ má bínú, kò sí nílé,” nígbà tí ọkọ̀ Cleavon wà lójú gbogbo ayé. Ní gbogbo ìrọ̀lẹ́ Jimọ̀ tí ilé ẹ̀kọ́ bá ń gbá bọ́ọ̀lù, Ardell á gbé ọkọ̀ rẹ̀ sí ẹ̀yìn ọgbà ní ìhà àríwá, kì í wọlé. Cleavon á gbé tirẹ̀ sí ìhà gúúsù. Bí eré bá parí, Ardell á tan iná ọkọ̀ rẹ̀, á pa á. Cleavon kò tan tirẹ̀ padà rí. Ardell kò sì dẹ́kun.

Ó jẹ́ díákónì ní Mount Gilead láti ọdún 1994. Bí ìgbà òtútù bá ti lọ, òun ló ń to ìdènà fún àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ girama, kò gba owó. Á to wọ́n tán, á tún tiro padà, á fọwọ́ kan ẹsẹ̀ irin ọ̀kọ̀ọ̀kan. Àwọn ọmọ máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé, “Díákónì ń gbé ọwọ́ lé ìdènà lórí.” Ó máa ń rẹ́rìn-ín.

Ọkàn rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ àìsàn ní ọdún tó kọjá. Ní ọ̀sẹ̀ tó máa kú, ó pe Verlene.

“Sìsí, tẹ́ ẹ bá máa kọ ọ́, ẹ kọ ọ́ bó ṣe rí. Ẹ má sọ pé mo dárí ji Cleavon. Kò ṣẹ̀ mí rárá.”

“Wọ́n á ní a tún ti bẹ̀rẹ̀.”

“Ẹ ṣáà kọ ọ́. Òkú kì í gba ìyà ẹnikẹ́ni jẹ.”

Ó kú ní ilé rẹ̀ ní ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún oṣù kẹwàá ọdún 2024. Kò sí ẹnikẹ́ni lọ́dọ̀ rẹ̀. Verlene ló bá a níbẹ̀ láàárọ̀, nígbà tó gbé ẹ̀wà àti búrẹ́dì àgbàdo wá fún un.

Àwọn tó gbẹ̀yìn rẹ̀ ni ọmọbìnrin rẹ̀ Lavonda àti ọkọ ọmọ náà, àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ Terrell àti Janae, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Verlene, àti Cleavon Pruitt. Ẹbí ló fi orúkọ ìkẹyìn yìí síbẹ̀, kì í ṣe àṣìkọ.

Ẹni márùn-ún ni ẹbí yàn láti gbé pósí. Ọwọ́ ìgbámú mẹ́fà ni pósí náà ní, ọ̀kan sì ṣófo ní ẹ̀gbẹ́ òsì fún Cleavon. Bí Cleavon bá wà lẹ́yìn níbẹ̀, tàbí tó jókòó sínú ọkọ̀ níta bí ó ti máa ń ṣe, kí ẹni tó bá sún mọ́ ọn fún un ní ìwé yìí, kó má sọ ohunkóhun. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe àmín sí i. Ẹbí kò ní fi ẹlòmíràn sí àyè náà. Bí kò bá wá, ẹni márùn-ún á gbé e bẹ́ẹ̀. Kò wúwo mọ́ nígbẹ̀yìn.

Sinmi, Lékeléke. Ilẹ̀ tó wà níwájú rẹ tẹ́jú.