Ọkọ Tí Bàbá Moriyama Fẹ́ Pa

Torino. Ajé, 4 Máàṣì 2024
Bàbá Ṣèyí, mo ti ríṣẹ́ badante míì, iṣẹ́ ìtọ́jú arúgbó. Bàbá ará Japan kan ni, Signor Moriyama. Ọmọ Torino ni ìyàwó wọn tó ti sinmi. Ọ̀rọ̀ tí àwọn òṣèré ń sọ nínú sinimá, àwọn ni wọ́n máa ń kọ ọ́. Ojú wọn ò ríran mọ́, nítorí náà èmi ni mo ń kàwé sí wọn létí. Oúnjẹ wọn ò láta rárá.

Ìṣẹ́gun, 5
Ó ti pẹ́ tẹ́nì kan ti ra iṣẹ́ wọn. Produttore kan, àwọn tó ń náwó sí sinimá, ń bọ̀ láti Milano lọ́jọ́ Ẹtì ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, wá gbọ́ sinimá tuntun tí wọ́n kọ yìí; èmi ni màá kà á. Tí kò bá gbà á, wọ́n ní àwọn ò ní kọ òmíràn mọ́.

Ọjọ́bọ̀, 7
Wàhálà dé. Obìnrin inú sinimá náà ní láti sọ pé, "Mio marito è morto." Pé ọkọ òun ti kú. Kí n tó mọ̀, mo ti ní, "Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́. Mo kọ̀ ọ́ lórúkọ Jésù." Bàbá ní ojú ìwé wo nìyẹn wà, àwọn ò rántí pé àwọn kọ ọ́.

Ẹtì, 8
Mo tún kọ̀ ọ́. Ó lé lọ́dún kan tá a ti sin yín, ọ̀rọ̀ yẹn ò tíì jáde lẹ́nu mi. Ní comune gan-an, ọ́fíìsì ìjọba tá a ti lọ forúkọ ikú sílẹ̀, "kò sí nílé" ni mo sọ. Ṣèyífúnmi ló bá mi tún un ṣe.

Àìkú, 10
Ọmọ yín ń fi mí rẹ́rìn-ín: "Mamma, è solo un film," pé sinimá lásán ni. Mo bi Pásítọ̀ Akínlolú bóyá ohun téèyàn fẹnu kà lè ṣẹ mọ́ ọn lára. Wọ́n ní tí wọ́n bá ti ń sanwó fún un, iṣẹ́ ni.

Ìṣẹ́gun, 12
Mo bẹ Bàbá kí wọ́n má pa ọkọ obìnrin náà, kí wọ́n jẹ́ kó ríṣẹ́ sí ìlú Brescia, kó máa fowó ránṣẹ́.
Wọ́n ní, "Signora, ta ló máa wo ìyẹn?"
Mo ní èmi.
Wọ́n ní ọkọ táwọn ti pa nínú sinimá pọ̀, kò sí ìyàwó tó bá àwọn jà rí. Wọ́n wá bi mí pé tèmi ńkọ́. Mo ní ẹ ò sí nílé.

Ọjọ́bọ̀, 14
Mi ò lè jẹun.

Ẹtì, 15
Produttore dé. Bàtà ń dán, ojú ò kúrò lára fóònù. Mo kà á títí mo fi débẹ̀. Bàbá di àga mú, wọ́n ń retí àdúrà mi.
"Mio marito è morto."
Mi ò kọ̀ ọ́ lọ́tẹ̀ yìí. Ẹ̀yin ni mo ń wí, Bàbá Ṣèyí.
Produttore gbé fóònù sílẹ̀. Ó ní òun máa rà á. Àfi bíi pé Bàbá ò gbọ́, wọ́n kọjú sí mi:
"Signora, ẹ sáré jù. Ẹ tún un kà."
Mo tún un kà, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́.