Pẹ́pẹ́yẹ Rọ́bà Orí Jíìpù Dádì

Mọ́mì,

Ẹ jọ̀ọ́, bí Dádì bá bi yín nípa pẹ́pẹ́yẹ rọ́bà, ẹ ò mọ nǹkan kan. Èmi ni mo gbé e sórí imú jíìpù wọn láàárọ̀, bí àwọn oníjíìpù ṣe máa ń fi ta ara wọn lọ́rẹ. Mo gbàgbé pé ládùúgbò wa, Ọ̀nkù Lorne nìkan ló tún ní jíìpù.

Nígbà tí Dádì rí i, wọ́n bú sẹ́rìn-ín. "Àbúrò mi alágídí! Òun ló kọ́kọ́ túúbá!"

Láti ọdún méjì tí wọ́n ti jà lórí ọkọ̀ ojú omi Bàbá Àgbà, wọn kì í dárúkọ ara wọn. Kí n tó lanu, Dádì ti bu kọfí sínú fúláàsì, wọ́n ti mú pẹ́pẹ́yẹ náà, wọ́n ti sọdá títì lọ sílé Ọ̀nkù Lorne.

Ọ̀nkù Lorne ṣílẹ̀kùn. Wọ́n wo pẹ́pẹ́yẹ náà, wọ́n wo èmi tí mo dúró lẹ́nu ọ̀nà wa, ẹ̀rù sì bà mí pé wọ́n máa ní àwọn kọ́ ló gbé e síbẹ̀.

Ọ̀nkù wá sọ fún Dádì pé, "Ṣé ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ rí i ni? Ẹ wọlé, jàre."

Wọn ò tíì jáde. Mo ń lọ dá ìwé padà ní ilé ìkàwé Bancroft. Ẹ fi àwo kan kún ti oúnjẹ ọ̀sán fún Ọ̀nkù.

Della