Orúkọ Tí Bàbá Kò Yé Pè: Ìtàn Ìgbésí Ayé Bàbá Julius Ọláìtán Ọláníyan (1945–2025)

Ní Ògbómọ̀ṣọ́ Ajílété, níbi tí ọmọdé lè fi ẹsẹ̀ la odò kọjá nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ni a ti bí bàbá wa ní ọjọ́ kẹrìnlá oṣù kẹta ọdún 1945. Bàbá wọn ni olóògbé Jóṣúà Ọláníyan, gbẹ́nàgbẹ́nà tó ṣe ọ̀pọ̀ àga ìjókòó ṣọ́ọ̀ṣì Onítẹ̀bọmi tó wà ládùúgbò wọn. Ìyá wọn ni olóògbé Dọ́káàsì Àbẹ̀ní. Kò sí ẹnì kan nínú ìran bàbá tàbí ti ìyá tó jẹ́ ọlọ́kọ̀ ojú omi tàbí apẹja. Ìdí nìyí tí ìyá àgbà fi sunkún ní ọjọ́ tí wọ́n gbọ́ irú iṣẹ́ tí ọmọ wọn lọ gbà.

Bàbá bẹ̀rẹ̀ ilé ìwé ní ọdún 1952, wọ́n sì parí ilé ìwé mọ́dà, èyí tó tẹ̀lé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, ní 1962. Wọ́n wá bá ẹ̀gbọ́n ìyá wọn ní Mushin, ẹni tó ń ṣiṣẹ́ ní wáàfù Àpápá. Níbẹ̀ ni wọ́n ti kọ́kọ́ rí òkun. Wọ́n máa ń sọ fún wa pé ẹ̀rù ba àwọn débi pé àwọn jókòó sílẹ̀, àti pé ọjọ́ kejì gan-an ni àwọn tún padà lọ wò ó.

Ní ọdún 1963, Bàbá wọ iṣẹ́ ogun ojú omi. Nígbà náà, ẹgbẹ́ ọmọ ogun ojú omi ilẹ̀ wa kò tíì pé ọdún mẹ́wàá. Ọdún 1956 ni wọ́n dá a sílẹ̀, òfin tó gbé e ró jáde ní 1958, àlòkù àwọn Gẹ̀ẹ́sì sì ni púpọ̀ nínú ọkọ̀ tí wọ́n ń lò. Bàbá a máa ṣàwàdà pé ọkọ̀ tí wọ́n kọ́kọ́ gbé àwọn wọ̀ ju àwọn lọ lọ́jọ́ orí, àti pé àwọn máa ń kí i lówùúrọ̀ kí àwọn tó gun un.

Nígbà tí ogun abẹ́lé dé ní 1967, orí omi ni wọ́n wà. Iṣẹ́ tí ìjọba gbé lé wọn lọ́wọ́ ni láti dí ẹnu omi ìhà ìlà-oòrùn, kí ohun ìjà má baà wọlé, àti láti gbé àwọn sójà gúnlẹ̀ sí Bonny. Bàbá kò fi ogun náà ṣe fáàrí rí. Wọ́n ní ẹnu ọ̀nà tí ohun ìjà ń gbà wọlé náà ni oúnjẹ ń gbà, àti pé ọmọ ìyá ẹni ni ebi ń pa lódìkejì. Ibẹ̀ ni wọ́n máa ń já ọ̀rọ̀ náà sí.

Ìtàn kan ṣoṣo tí wọ́n máa ń sọ parí ni ti ọ̀rẹ́ wọn, Henry, ọmọ Kàlàbá. Ìgbì gbá Henry kúrò lórí ọkọ̀ ní ọdún 1968. Ọkọ̀ yí padà, wọ́n wá a títí ilẹ̀ fi ṣú, wọn kò rí i. Bàbá ló ń pe orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ inú ọkọ̀ láàárọ̀ àti nírọ̀lẹ́. Àwọn ọ̀gá ní kí wọ́n fo orúkọ Henry, Bàbá kọ̀, wọ́n ń pè é. Ní ọjọ́ kẹta, àwọn apẹja fi ọkọ̀ ọlọ́pọ́n gbé Henry dé, ètè rẹ̀ ti là, ó sì wà láàyè. Láti ọjọ́ náà ni Bàbá ti gbà lọ́kàn wọn pé ẹni tí a kò bá yé pe orúkọ rẹ̀ lè padà wá. Henry náà ló ṣe ọ̀rẹ́ ọkọ ìyàwó fún wọn nígbà tí wọ́n fẹ́ ìyá wa, Victoria Mọ́rẹ́nikẹ́, ní 1972.

Ọlọ́run fi ọmọ mẹ́ta ta wọ́n lọ́rẹ: Kẹ́mi, Olúwadọ̀tun àti Olúwatósìn. Nílé wa, a kì í bu oúnjẹ alẹ́ kí Bàbá tó pe orúkọ. Bí wọ́n bá ti dé láti orí omi, wọn a dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, wọn a pè wá láti orí àkọ́bí dé orí àbíkẹ́yìn, kálukú a sì dáhùn pé, “Mo wà, sà!” Ẹni tó bá dáhùn kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́, wọn a tún un pè. Àwọn ọmọ àdúgbò fi wá ṣe yẹ̀yẹ́ títí.

Ní 1990, wọ́n wà lára àwọn tó fi ọkọ̀ ogun kó sójà lọ sí Làìbéríà láti pẹ̀tù sí ogun ibẹ̀, tí wọ́n sì kó àwọn tó ń sá fún ogun bọ̀. Wọ́n fẹ̀yìn tì ní 1993. Ìgàndó ni wọ́n kọ́ ilé sí, nígbà tí ibẹ̀ ṣì jẹ́ igbó. Wọ́n jẹ́ díákónì nínú ìjọ, wọ́n sì jẹ́ alága ẹgbẹ́ onílé àdúgbò wa fún ọ̀pọ̀ ọdún. Àwọn ló kó àwọn ènìyàn jọ gbẹ́ gọ́tà tó gba àdúgbò lọ́wọ́ omíyalé. Nínú ìpàdé, wọ́n ń pe orúkọ àwọn onílé bí ẹni ń pe ọmọ ogun, ẹni tó bá pẹ́ dé, ìdúró ni yóò wà títí ìpàdé fi parí. Àwọn bàbá tó dàgbà jù wọ́n lọ pàápàá dúró.

Olúwadọ̀tun tẹ̀lé ẹsẹ̀ bàbá rẹ̀. Ó wọ iṣẹ́ ogun ojú omi ní 1998. Ní oṣù kẹjọ ọdún 2009, òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń fi ọkọ̀ kékeré lé àwọn olè epo rọ̀bì lẹ́nu òkun nígbà tí ìjì dé. Ọkọ̀ dojú dé. Àwọn yòókù yè é, Dọ̀tun nìkan ni a kò rí. Àwọn ọ̀gá rẹ̀ wá sí Ìgàndó, wọ́n gbé fìlà iṣẹ́ rẹ̀ lọ́wọ́, wọ́n ní àwọn fẹ́ ṣe ẹ̀yẹ ìkẹyìn fún un. Bàbá gba fìlà, wọ́n fi kọ́ ara ògiri. Wọ́n kọ ẹ̀yẹ.

“Ẹ ò tíì rí i,” ni wọ́n wí. “Kí lẹ fẹ́ sin?”

Àwọn àgbà ní ọmọ mi kú sàn ju ọmọ mi nù lọ. A rí ìtumọ̀ rẹ̀ nínú ilé wa. Lálaalẹ́ ni Bàbá ṣì ń pe orúkọ. Wọn a pe Kẹ́mi, bí kò tilẹ̀ sí nílé mọ́, ẹni tó bá wà níbẹ̀ a sọ pé ó wà nílé ọkọ. Wọn a wá pe Dọ̀tun. Wọn a dúró, ọbẹ̀ a máa tutù. Nígbà tí ìjọ ka Dọ̀tun mọ́ àwọn olóògbé inú ọdún, Bàbá díde, wọ́n gba ẹ̀gbẹ́ jáde. Nígbà tí ẹnì kan ní òun rí ẹni tó jọ ọ́ ní Ìyànà Ìpájà, wọ́n ń lọ dúró sí ẹsẹ̀ afárá ẹlẹ́sẹ̀ lójoojúmọ́, tí wọ́n ń wo ojú àwọn tó ń sọ̀ kalẹ̀, títí ẹsẹ̀ wọn fi wú. Ìyá wa kú ní 2012 pẹ̀lú ìbànújẹ́ yìí.

Àwọn kan nínú ẹbí ní kí a má kọ èyí tó kàn. Wọ́n ní a kì í ka àléébù òkú níwájú pósí. A bẹ̀ wọ́n, a sì kọ ọ́, nítorí ẹni tó ru ẹrù yìí ṣì wà láàyè. Mardiyah ni, ìyàwó Dọ̀tun, aránṣọ ní Ẹ̀gbẹ́dá. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni nígbà tí omi gbé ọkọ rẹ̀ lọ, ọmọbìnrin kékeré wà lẹ́yìn rẹ̀. Bàbá rẹ̀, Alhaji Àmúsà, wá láti Àkówọ́njọ, ó bẹ Bàbá pé kí wọ́n jẹ́ kí ọmọ òun ṣe opó, kí ó lè mọ ibi tí òun dúró láyé.

“Alhaji, ta ló ń ṣe opó ẹni tó ń bọ̀?” ni Bàbá fi dá a lóhùn.

Ẹnì kan wá tó fẹ́ fẹ́ Mardiyah, olùkọ́ kan ní Command, ilé ìwé àwọn sójà, tó ń jẹ́ Abdulganiyy, ènìyàn jẹ́jẹ́. Ó dúró, ó dúró, ó sì gbé ẹlòmíràn níyàwó nígbẹ̀yìn. A bi Mardiyah pé kí ló dé tí kò kàn lọ. Ó ní òun ò lè fi ẹnu òun pa ọkọ òun lójú bàbá rẹ̀. Ìfẹ́ ni Bàbá fi ṣe ohun tí wọ́n ṣe, ṣùgbọ́n ìfẹ́ náà jẹ ìgbà èwe ọmọ ọlọ́mọ. Ó dùn wá gan-an, ó sì ń dùn wá títí di òní.

Àìsàn gbé Bàbá dé ilé ìwòsàn ní oṣù kẹsàn-án ọdún yìí. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kọkànlá, gbogbo wa yí ibùsùn wọn ká, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í pe orúkọ. Kẹ́mi dáhùn. Wọ́n pe Dọ̀tun, wọ́n dúró. Wọ́n tún un pè, ojú wọn sì wà lára Mardiyah. Mardiyah kúnlẹ̀, ó di ẹsẹ̀ wọn mú.

“Bàbá, kò sí níbí mọ́,” ó wí. “Ẹ jàre, sà, ẹ jẹ́ kó lọ sinmi.”

Bàbá wò ó pẹ́. Omi bọ́ lójú wọn, èyí tí a kò rí rí, kódà lọ́jọ́ tí a sin ìyá wa. Wọ́n ní, “Ó dáa. Mo ti gbọ́.” Wọ́n pe Tósìn, ẹkún kò jẹ́ kó lè dáhùn dáadáa, wọn kò sì tún un pè. Lẹ́yìn náà ni wọ́n pe orúkọ kan tí wọn kò pè mọ́ tiwa rí.

“Mardiyah!”

“Mo wà, sà!”

Ní ọ̀sán ọjọ́ náà ni wọ́n dákẹ́. Ẹni ọgọ́rin ọdún ni wọ́n.

Ìyá wa Victoria Mọ́rẹ́nikẹ́ ti ṣáájú wọn lọ. Olúwadọ̀tun, ọmọ wọn ọkùnrin, ti ṣáájú wọn lọ. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyí tí ẹbí yóò kọ gbólóhùn kejì yẹn sórí ìwé. Àwọn tí Bàbá fi sáyé lọ ni Kẹ́mi àti ọkọ rẹ̀, Olúwatósìn àti ìyàwó rẹ̀, Mardiyah, opó Olúwadọ̀tun, pẹ̀lú àwọn ọmọ-ọmọ: Hamdalah, Ìbùkúnolúwa, Ayọ̀tómiwá àti Similólúwa. Àwọn ààfáà ní àsìkò opó Mardiyah ti kọjá tipẹ́, kò pọn dandan mọ́. Ó ní òun ti gbọ́, ṣùgbọ́n òun fẹ́ jókòó díẹ̀ ná.

A ti sọ fìlà Dọ̀tun kalẹ̀ lára ògiri. Àyà Bàbá ni a gbé e lé nínú pósí, kí ilẹ̀ lè gba àwọn méjèèjì pọ̀.

Bàbá, ẹni tó pe gbogbo ènìyàn tí kò gbàgbé ẹnì kan, Olúwa ló pe ẹ̀yin náà. Ẹ sùn re o. Olúwadọ̀tun, ìwọ tí a kò lè kí pé ó dìgbóṣe láti ọjọ́ yìí wá, sùn re o.