Bàbá, Wọ́n Ti Tún Máàpù Nọ́wè Yà

Bàbá mi, ẹni tó kọ́kọ́ fi ayé hàn mí lórí pátákó,

Mo kí yín o. Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ìròyìn tí mo mú wá, nítorí ẹ kì í fẹ́ kí ènìyàn máa yí ọ̀rọ̀ ká. Wọ́n ti tún máàpù Nọ́wè yà. Kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan o. Mọ́kàndínlógún ni ìpínlẹ̀ wọn nígbà tí ẹ fi wá sílẹ̀, èmi náà sì mọ orúkọ wọn láti gúúsù dé àríwá bí ọmọ kéú ṣe mọ ohun tó wà lára wàláà rẹ̀. Ìjọba wọn kó wọn pọ̀ títí wọ́n fi ku mọ́kànlá. Nígbà tó yá, àwọn kan ní àwọn kò ṣe mọ́, wọ́n tú ká, ó wá di mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Orí fóònù ni mo ti kà á ní ọ́fíìsì wa ní ìjọba ìbílẹ̀. Mo tilẹ̀ dìde lórí àga. Ta ni mo fẹ́ sáré lọ bá ní gbogbo Ọ̀yọ́ kí n sọ fún un pé Fínmáàkì, ìpínlẹ̀ wọn tó wà lókè pátápátá, ti gba ara rẹ̀?

Mo rántí bí ẹ ṣe ń ya etíkun ilẹ̀ náà, tó rí jágajàga bí etí aṣọ tí eku jẹ. Àwọn tíṣà yòókù a máa fi ìwé lé pátákó kí wọ́n tó yà á. Ẹ̀yin a kẹ̀yìn sí ìwé, ẹ ó fi ṣọ́ọ̀kì fà á láti ìsàlẹ̀ dé òkè láì gbé ọwọ́ kúrò, ẹ ó sì wá fi ẹ̀yìn ṣòkòtò nu ọwọ́. Ọṣẹ tí Màámi lò sórí ẹ̀yìn ṣòkòtò yẹn kò kéré. Ẹ kì í sì í ya ohunkóhun, bó ṣe ojú ọ̀nà ilé àna, láì kọ́kọ́ béèrè pé, “Àríwá dà?” Ẹ máa ń béèrè nílé àlejò pàápàá kí ẹ tó jókòó. Ojú a máa tì mí nígbà náà. Lónìí, èmi náà ń béèrè, wọ́n sì ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ní ọ́fíìsì.

Kí ló dé tó jẹ́ Nọ́wè? Mi ò bi yín rí. Mo kàn rò pé gbogbo baba ló ní orílẹ̀-èdè tí ó fẹ́ràn. Ẹ sọ fún mi pé nígbà tí ọba Dẹ́nmáàkì ń ṣàkóso wọn, ọba ló ń gé ilẹ̀ náà bí ó ṣe wù ú, tí ó sì ń fi ẹni tirẹ̀ jẹ olórí lé ìpín kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí wọ́n wá di òmìnira, ó pẹ́ díẹ̀ o, ṣùgbọ́n wọ́n ju orúkọ tí àjèjì fún àwọn ìpínlẹ̀ náà nù, wọ́n padà lọ mú orúkọ tí àwọn baba ńlá wọn ń lò kí ọba kankan tó kó wọn jọ. Bí ẹ bá dé ibẹ̀, ẹ ó mi orí. Mo fẹ́ràn bí ẹ ṣe ń mi orí yẹn. Nígbà tí wọ́n gé Ọ̀ṣun kúrò lára Ọ̀yọ́ tiwa, tí àwọn ènìyàn ń jó, tí àwọn mìíràn ń bínú, ẹ̀yin lọ sí kíláàsì, ẹ nu máàpù àtijọ́ kúrò, ẹ ya tuntun, ẹ sì béèrè lọ́wọ́ àwọn ọmọ pé ta ló bi àwọn ará ààlà. Ìbéèrè yẹn ni mo fẹ́ bá yín sọ̀rọ̀ lé lórí.

Ọ̀rọ̀ oko kajú yín ní Ìrẹsà ló délẹ̀. Àwọn àbúrò mi ti dàgbà, kálukú ń wá ibi tí yóò fẹsẹ̀ lé. Alájì, àbúrò yín, pe gbogbo wa sílé rẹ̀ ní Ògbómọ̀ṣọ́: èmi kan ṣoṣo tí Màámi bí fún yín ní Ọ̀yọ́, àti àwọn mẹ́rin tí Ìyá Fọlákẹ́ bí fún yín ní Ògbómọ̀ṣọ́. Alájì kò fi ọ̀rọ̀ falẹ̀.

“Ìdí-igi ni ti ìdílé wa. Ìyàwó méjì, ìpín méjì. Wàláhì, kò sí àlàyé mọ́ níbẹ̀.”

Ẹ mọ ohun tí ìyẹn jẹ́. Ìdajì oko fún èmi nìkan, kí àwọn mẹ́rin máa fa ìdajì yòókù ya mọ́ ara wọn lọ́wọ́. Ara mi kò gbà á. Mo dìde, mo ní ká má pín in rárá. Mo ní àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà, ká fi í sílẹ̀ ní oko kan, èmi àgbà yóò máa mójú tó o fún gbogbo wa. Mo tún sọ ìtàn Tìrọ́ńdẹ̀làgì yín fún wọn, ìpínlẹ̀ Nọ́wè kan, bí wọ́n ṣe gé e sí méjì láyé ọba Dẹ́nmáàkì, tó sì jẹ́ pé lẹ́yìn bí igba ọdún, àwọn méjèèjì tún padà di ọ̀kan. Inú mi ń dùn sí ara mi. Mo rò pé wọ́n á dìde dì mọ́ mi.

Bàbá, kò sẹ́ni tó dìde. Fọlákẹ́ ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ẹ rántí pé kì í pariwo.

“Àǹtí mi, ẹ ṣeun o. Ọ̀rọ̀ yín dáa. Ṣùgbọ́n ta lẹ bi nínú wa?”

“Kí ni mo fẹ́ bi yín? Ṣebí fún ire gbogbo wa ni.”

“Ire wa náà nìyẹn, Àǹtí mi. Ọ̀yọ́ lẹ wà. Bí a bá fẹ́ gé ẹ̀ka kan lára kajú, a ó máa dúró dè yín.”

Ó gbé báàgì rẹ̀, ó lọ. Àwọn àbúrò rẹ̀ tẹ̀lé e. Láti ọjọ́ náà, bí mo bá pè é, kò ní gbé e. Iléyá dé, Alájì fi ẹran ránṣẹ́ sí ilé méjèèjì bó ṣe máa ń ṣe, ṣùgbọ́n a ò pe ara wa láti sọ pé ẹran dé bí a ti ń ṣe tẹ́lẹ̀. Ẹ̀rù bà mí. Mo ń rò ó pé bí ẹ bá béèrè àwọn ọmọ yín lọ́wọ́ mi, kí ni n ó wí? Pé oko wà, ṣùgbọ́n àwọn tó ni ín ti fọ́nká?

Inú ìrònú yẹn ni mo wà tí mo fi ka ìròyìn Nọ́wè dáadáa, mo sì rí ohun tí mo fò. Àwọn méjì tó di Tìrọ́ńdẹ̀làgì, àwọn fúnra wọn ló jókòó, tí wọ́n bi ara wọn, tí wọ́n sì gbà. Títí di òní, wọ́n ṣì wà papọ̀. Fínmáàkì ńkọ́, lókè téńté ní àríwá? Wọ́n so ó mọ́ Tírọ́mùsì láìgbà tirẹ̀. Àwọn ará ibẹ̀ dìbò pé àwọn kò fẹ́, wọ́n ṣì so wọ́n pọ̀. Kò pẹ́ kò jìnnà, ó tú. Ohun tó wú mi lórí jù ni pé kò sí ìjà ìgboro, kò sílé tó jó. Ìjọba mìíràn dé, ó béèrè lọ́wọ́ wọn, wọ́n ní àwọn fẹ́ lọ, ìjọba náà ní ó dáa, ẹ máa lọ. Mo tẹríba fún irú àwọn ènìyàn bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin ti rí i lára wọn tipẹ́.

Mo wọ mọ́tò, mo lọ sí Under G ní Ògbómọ̀ṣọ́, níbi tí Fọlákẹ́ ti ń ṣe fọ́tókọ́pì fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́. Mo dúró títí àwọn oníbàárà fi dín kù. Mo ní ìbéèrè ni mo bá wá, mi ò mú ìmọ̀ràn kankan dání. Ó wò mí, ó fa àga fún mi. Ó ní orí-ò-jorí ni àwọn fẹ́, ọmọ márùn-ún, ìpín márùn-ún, kí kálukú mọ tirẹ̀. Kànga àti igi máńgòrò tí ẹ máa ń jẹun lábẹ́ rẹ̀ yóò jẹ́ ti gbogbo wa. Ìdajì oko ló bọ́ lọ́wọ́ mi yẹn, Bàbá, ó di ìdá kan nínú márùn-ún. Ó dùn mí díẹ̀, n kò ní purọ́ fún yín. Mo ní mo gbà. Mo lọ bi àwọn ọkùnrin mẹ́ta náà lọ́kọ̀ọ̀kan, mo sì lọ dọ̀bálẹ̀, bí mo ti jẹ́ obìnrin tó, níwájú Alájì kó má bàa bínú. Ẹ̀rín ló pa á tó fi gbà.

Sátidé tó kọjá la lọ gbin pèrègún sí ààlà. Ẹ wo bí oko ṣe kún fún ariwo! Àwọn ọmọkùnrin ń gbẹ́ ilẹ̀, ẹnì kan ń kọrin ìjọ Aládùúrà, Alájì jókòó sábẹ́ máńgòrò, ó ń fi ọ̀pá júwe. Wọ́n ní kí n ya bí ìpín ṣe rí sílẹ̀ kó má sí àṣìṣe. Kí n tó fi igi kan ilẹ̀, Fọlákẹ́ ti béèrè pé, “Àríwá dà?”

Mo bi í pé níbo ló ti gbọ́ ọ. Ó gba igi lọ́wọ́ mi, ó fa Nọ́wè sórí iyẹ̀pẹ̀ láti ìsàlẹ̀ dé òkè, jágajàga, láì gbé ọwọ́ kúrò. Àwọn ọmọkùnrin sì bẹ̀rẹ̀ sí í ka orúkọ àwọn ìpínlẹ̀ náà láti gúúsù, gbogbo mọ́kàndínlógún, wọn kò fo ọ̀kan.

Gbogbo ọjọ́ Jímọ̀ tí ẹ bá gbé báàgì yín, tí ẹ ń lọ sí Ògbómọ̀ṣọ́, tí mo ń sunkún lẹ́yìn ilẹ̀kùn, mo rò pé ẹ fi Nọ́wè sílẹ̀ lọ́dọ̀ mi. N kò mọ̀ pé ẹ ń gbé e lọ fún wọn. Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àbúrò mi, mo sì fi ìka kọ́ wọn ní mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tuntun náà.

A ti pín oko yín, Bàbá. Nọ́wè nìkan ni a kò pín.

Èmi ọmọ yín ní Ọ̀yọ́, tó ṣì ń wá àríwá kó tó jókòó.