Adájọ́ Àjèjì Láti Òdìkejì Odò

                                                Mühlehalde 7,
                                                Fährwil, létí odò Ráìnì,
                                                Ilẹ̀ Súwísì.
                                                Ọjọ́ Kẹwàá, Oṣù Keje, 2021.

Marlis, ọ̀rẹ́ mi tòótọ́,

Ṣé àlàáfíà lo wà? Desmond ńkọ́, ṣé ẹ̀yìn tó ń dùn ún ti fi í lọ́rùn sílẹ̀? Àwọn ìbejì ńkọ́, ṣé wọ́n ti ń jẹ́ kí ẹ sùn? Mo pàdé màmá yín níwájú ilé ìfìwéránṣẹ́ lọ́sẹ̀ tó kọjá. Wọ́n ní orúnkún àwọn ti san, àwọn tún ti gun òkè lọ wo màlúù àwọn ẹlòmíì. Ọkàn rẹ kí ó balẹ̀. Ara tèmi náà le, ilé wa sì tòrò. Mo mọ̀ pé o ti ń retí lẹ́tà mi láti ìgbà Àjíǹde. Má bínú, ìwọ náà mọ̀ mí: n kì í jẹ́ kí iṣẹ́ dúró, àmọ́ lọ́tẹ̀ yìí iṣẹ́ fẹ́ dúró mọ́ mi lọ́wọ́.

O béèrè pé kí ló ṣẹlẹ̀ láàárín àwa àti Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù, pé ìròyìn tó dé Kánádà lọ́hùn-ún kò yé ọ. Kò lè yé ọ, torí kò yé àwọn tó ṣe é. Ọdún méje làwọn aṣojú wa fi jókòó sídìí tábìlì pẹ̀lú wọn lórí àdéhùn tuntun, tí wọ́n ń mu kọfí wọn, tí wọ́n ń jẹ bisikíìtì wọn. Nígbà tó di ọjọ́ kẹrìndínlọ́gbọ̀n oṣù Karùn-ún, wọ́n dìde, wọ́n gbọn ẹ̀rún bisikíìtì kúrò lára ṣòkòtò, wọ́n ní àwọn kò ṣe mọ́. Ọdún méje! Bó bá jẹ́ èmi ni, ọ̀sẹ̀ méje ni ǹ bá fún wọn, ọ̀sẹ̀ kẹjọ ni ǹ bá gba kọ́kọ́rọ́ ọ́fíìsì lọ́wọ́ wọn.

O ṣáà mọ ìwà wa. A kì í bá ẹnikẹ́ni jà, a kì í gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni, a kàn ń tajà fún gbogbo wọn ni. Àdéhùn tó lé ní ọgọ́rùn-ún ló wà láàárín àwa àtàwọn aládùúgbò tó yí wa ká yìí. Síbẹ̀, bí wọ́n bá ní ká jọ tẹ̀ lé òfin kan ṣoṣo, ariwo á ta bí ẹni pé wọ́n fẹ́ wá wú òkè wa lọ. Wọ́n ní ọ̀kan ṣoṣo là á jẹ lábà Àlàdé. Àwa fẹ́ jẹ ọ̀kan níbẹ̀, ká di ìkejì sápò, ká sì tún bá Àlàdé jà pé oúnjẹ náà kò gbóná.

Ọ̀gá mi, Traugott Binkert, ni kí o wò. Ìwọ náà mọ ilé-iṣẹ́ rẹ̀, ibi tí mo ti ń ṣe alábòójútó gbogbo nǹkan. Ìṣó kéékèèké tí àwọn dókítà fi ń de egungun tó ṣẹ́ là ń ṣe, àwa ènìyàn mọ́kànlélógójì, ìṣó méje nínú mẹ́wàá ló sì ń gba orí afárá lọ sí Jámánì. Láti ọdún 1992, tí ìlú kọ́kọ́ dìbò lórí ọ̀rọ̀ yìí, ni ọ̀gá ti jẹ́ alága ẹgbẹ́ kan ní abúlé wa tó ń jẹ́ A Kò Fẹ́ Adájọ́ Àjèjì, torí wọn kò fẹ́ kí ilé-ẹjọ́ Yúróòpù máa dá ẹjọ́ fún wa. Ara ọgbà ilé-iṣẹ́ ló gbé pátákó ẹgbẹ́ náà kọ́ sí, lókè ibi tí àwọn òṣìṣẹ́ tó ń ti Jámánì wá ń gbé kẹ̀kẹ́ wọn sí ní àràárọ̀.

Ọjọ́ kan náà tí àwọn aṣojú wa dìde ni òfin tuntun Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù lórí ohun èlò ìwòsàn bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Bí àdéhùn kò ṣe sí, àwa náà di àjèjì lójú òfin yẹn. Ẹni tí kì í bá ṣe ara wọn gbọ́dọ̀ ní ẹnì kan tó ń gbé láàárín wọn, tí yóò máa dáhùn fún un. Orúkọ ẹni yẹn gbọ́dọ̀ wà lára ọjà náà, ó sì lẹ́tọ̀ọ́ láti tú ìwé rẹ wò. Ọdún méjì ni mo fi ń sọ ọ́ fún ọ̀gá. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo kọ ọ́ sínú ìwé.

"Regula, wọn ò lè dán an wò," ló ń wí. "Wọ́n nílò wa. Tí egungun wọn bá ṣẹ́, ta ni wọ́n fẹ́ pè?"

"Àwọn Jámánì tó ń ṣe ìṣó ni, sà."

Ní ọjọ́ kejì tí òfin bẹ̀rẹ̀, ọkọ̀ akẹ́rù wa lọ, ó sì padà wá pẹ̀lú gbogbo ẹrù inú rẹ̀. Lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́rin, ọ̀gá pè mí wọlé, ó ti ilẹ̀kùn, ó ní kí n kọ orúkọ ènìyàn mọ́kànlá tí yóò lọ ní ìparí oṣù Keje. Marlis, Milva yóò wà lára wọn. Ọdún mẹ́tàlélógún ló ti fi ń fọ ìṣó, tó ń dì wọ́n sí páálí. Òun ló kọ́ mi níṣẹ́ lọ́jọ́ tí mo gbé ìwé-ẹ̀rí wa láti yunifásítì St. Gallen wọ ibẹ̀, tí n kò sì mọ apá ọ̀tún yàtọ̀ sí tòsì.

Mo sọ fún ọ̀gá pé n kò ní kọ orúkọ kankan títí a ó fi kan ilẹ̀kùn Egon. Egon Tröndle ni ọkọ Lisbeth, àbúrò ọ̀gá lóbìnrin, ní Waldshut lódìkejì odò. Iṣẹ́ tó ń ṣe gan-an nìyẹn: ó ń dáhùn fún àwọn ilé-iṣẹ́ tí kì í ṣe ti Àjọ náà. Ohun tó bà á jẹ́ ni pé ọdún mẹ́sàn-án ni àwọn méjèèjì kò fi bára wọn sọ̀rọ̀. Níbi oúnjẹ ọjọ́ ìbí àádọ́ta ọdún Lisbeth ni ọ̀gá ti gbé ife sókè, tó ní ìgbéyàwó yìí nìkan ni àdéhùn pẹ̀lú Yúróòpù tí wọn kò jẹ́ kí òun dìbò lòdì sí. Egon gbé ṣíbí kalẹ̀, ó sì gba ilé rẹ̀ lọ.

"Kàkà kí n bẹ Egon, màá ti ilé-iṣẹ́ yìí pa."

Mo ní, "Ẹ ti ń tì í, sà. Ènìyàn mọ́kànlá lẹ fi bẹ̀rẹ̀."

N kò dúró kó dáhùn. Mo mọ ibi tó máa wà ní ọjọ́ Sátidé. Gbogbo Sátidé ni baba yìí ń gba orí afárá kọjá lọ ra ẹran lọ́dọ̀ àwọn tó ń bú, torí pé tiwọn kò wọ́n. Kílò kan ni, kò jẹ́ lé kí àwọn aṣọ́bodè má baà gba owó ibodè lọ́wọ́ rẹ̀. Tó bá ra àwọn ọjà yòókù tán, á tò sórí ìlà ní ibodè kí wọ́n lu òǹtẹ̀ sí ìwé rẹ̀, kí ó lè gba owó orí ọjà rẹ̀ padà. Mo pe Lisbeth. Ó rẹ́rìn-ín títí, ó ní òun á rán Egon ní búrẹ́dì.

Bí mo ṣe dé ibẹ̀, ọ̀gá ti wà lórí ìlà, Egon sì ń bọ̀ pẹ̀lú búrẹ́dì lábẹ́ apá.

"Háà! Ẹ̀gbọ́n ìyàwó mi! Ìbòmú yẹn ò lè bo imú Binkert mọ́lẹ̀ láé. Ẹ kú ọjà o! Kí lẹ rà nílẹ̀ àwọn adájọ́ àjèjì?"

"Ẹran."

"Kílò mélòó?"

"Ọ̀kan."

"Ọ̀kan géérégé! Ẹ ṣeun o. Ẹ ń pa òfin mọ́."

Àwọn tó wà lórí ìlà bú sẹ́rìn-ín. Ọ̀gá yíjú sí mi: "Ìwọ lo ṣe èyí."

"Èmi ni, sà. Ẹ bá wọn sọ̀rọ̀, ó ku ènìyàn mẹ́ta kó kàn yín."

Ó wo ilẹ̀, ó wo òrùlé, ó wo ẹran. "Egon, ilé-iṣẹ́ fẹ́ ẹni tó máa dáhùn fún un níbí."

"Ilé-iṣẹ́ ló fẹ́, àbí ẹ̀yin lẹ fẹ́?"

"Èmi ni. Jọ̀ọ́."

"Màá máa tú ìwé yín wò o."

"Ìwé wo?"

"Gbogbo ẹ̀. Tí ìṣó yín bá dá sínú egungun ìyá arúgbó kan, èmi ni wọ́n máa mú. Mi ò ní fọwọ́ sóhun tí mi ò rí."

"Ṣé o fẹ́ wá ṣe adájọ́ lé mi lórí ni?"

"Èmi kọ́. Ẹ̀yin lẹ ń bẹ̀ mí."

Aṣọ́bodè ti ojú fèrèsé nawọ́: "Baba, ìwé yín dà? Àwọn èèyàn wà lẹ́yìn." Ọ̀gá na ìwé sí i. Òǹtẹ̀ balẹ̀, gbàà! Ó kó ìwé sápò, ó ní, láìwo ojú Egon, "Máa bọ̀ ní Tuesday."

Egon dé ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun ní aago méje àárọ̀, kọfí kò tíì hó. Kò tó wákàtí méjì tó fi rí i pé kò sí ìwé ẹ̀rí ìfọ̀ fún ìṣó wa tó kéré jù, ìwé tí mo ti ń béèrè fún láti ọdún méjì. Ọ̀gá fọ́ mọ́ ọn: "Ogún ọdún la ti ń ta ìṣó yẹn!" Egon ní, "Ó dáa bẹ́ẹ̀. Ẹ máa tà á fún ogún ọdún sí i, nílé yín." A gbé ìṣó náà lọ fún àyẹ̀wò, wọ́n ní omi tí a fi ń fọ̀ wọ́n kò gbóná tó. Milva ní òun ti ń sọ bẹ́ẹ̀ láti ìgbà òtútù, ta ló dá òun lóhùn? A tún ẹ̀rọ náà ṣe, a tún gbogbo wọn fọ̀, ọjọ́ mọ́kàndínlógún ni a fi parí rẹ̀ torí èmi ni mo dúró lé wọn lórí. Ohun tí ìwé mi mẹ́ta kò rí ṣe, adájọ́ àjèjì ṣe é kí kọfí tó hó.

Ní ọjọ́ kejì oṣù Keje, ọkọ̀ wa gba orí afárá kọjá, kò sì padà. Orúkọ Egon wà lára gbogbo páálí, kedere. N kò kọ orúkọ kankan, Milva àti àwọn mẹ́wàá yòókù ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́.

O rò pé ọ̀gá kọ́gbọ́n, àbí? Lọ́jọ́ Sátidé tó kọjá, ẹgbẹ́ rẹ̀ ṣèpàdé ọdọọdún ní ilé-ọtí Ochsen. Ó dìde, ó gbé wáìnì dání, ó ní, "Ṣé ẹ rí i? A dìde nídìí tábìlì wọn, a sì ń tajà síbẹ̀!" Wọ́n pàtẹ́wọ́ títí ife fi ń mì. Wọ́n nawọ́, wọ́n tún fi í jẹ alága. Ohun tí àwọn tó ń ṣèjọba wa ní Bern náà ń wí kò yàtọ̀ sí tirẹ̀. Ẹni tó bá ń sápamọ́ sẹ́yìn ìka kan ṣoṣo, ó ṣáà ti mọ̀ pé àwọn ènìyàn ń rí òun.

Lánàá ló wá bá mi ní tábìlì mi, ó ní kí n bá òun tẹ ìkéde kan: láti ìsinsìnyí lọ, ìpàdé ìgbìmọ̀ ẹgbẹ́ A Kò Fẹ́ Adájọ́ Àjèjì kò ní máa wáyé ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun mọ́, Ọjọ́bọ̀ ni. Mo béèrè pé kí ni kí n kọ pé ó fà á.

Ó ní, "Kọ pé Tuesday ò rọ alága lọ́rùn."

Egon ni, Marlis. Gbogbo ọjọ́ Ìṣẹ́gun ló máa ń wá wo ìwé. Mo tẹ ìkéde náà, mo sì ní kí ọ̀gá fọwọ́ sí i.

Bá mi kí Desmond, fi ẹnu ko àwọn ìbejì lẹ́nu fún mi. Milva ní kí n kí ọ, Lisbeth náà sì ń béèrè rẹ. Kí Ọlọ́run jẹ́ ká fojú kanra láìpẹ́.

                                                Tìrẹ ni mí, nílé àti lókè òkun,
                                                Regula Hächler.